Ìlú Ìbídùn Bo Ojú Ìbídùn

Ó ti rẹ̀ mí kí n tó bẹ̀rẹ̀. Láti ìgbà tí a ti sin Bàbá àgbà mi ni àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì àti ẹgbẹ́ ọmọ Yorùbá ní Benin ti ń sọ fún mi pé èmi ni mo sún mọ́ ọn jù, kí n jókòó kọ nǹkan nípa rẹ̀. Ohun tí wọ́n ń retí ti wà nínú ìwé ètò ìsìnkú: ìlú tí wọ́n bí i sí, ilé ẹ̀kọ́ tó lọ, bó ṣe ya àwòrán títì fún ìjọba títí tó fi fẹ̀yìn tì. Wọ́n tún kọ ọ́ síbẹ̀ pé ó fẹ́ràn ìwé kíkà. Irọ́ ni. Ní gbogbo ọdún tí mo fi gbé lọ́dọ̀ rẹ̀ ní Uwasota, mi ò rí ìwé kan tí Bàbá kà parí. Géèmù ni Bàbá ń gbá.

Nǹkan kan tún wà tí mo gbọ́dọ̀ tọrọ àforíjì fún. Mo ń pe Bàbá ní “ó” nínú ohun tí mò ń kọ yìí. Tó bá jẹ́ ẹnu ni, mi ò jẹ́ dán an wò láyé. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo kọ “wọ́n” dé ojú ìwé kejì, ó dà bíi pé ogún ènìyàn ló jókòó sídìí kọ̀ǹpútà kan, mo bá ya ìwé náà, mo tún un bẹ̀rẹ̀.

Ìyá mi ló fa ọ̀rọ̀ géèmù. Ìbídùn ni orúkọ ìyá mi, òun nìkan sì ni ọmọ tí Bàbá bí. Ní nǹkan bí 1999, nígbà tó ń ṣiṣẹ́ ní báńkì kan níbí, ó ra kọ̀ǹpútà ńlá kan wálé fún Bàbá kí ìfẹ̀yìntì má baà sú u. Síìdì géèmù kan wà nínú páálí rẹ̀. Géèmù náà kò ní ìbọn, kò ní bọ́ọ̀lù. Ìlú ni wọ́n ń fi í kọ́. Wọn á fún ọ ní ilẹ̀ tó ní odò kan, ìwọ ni wàá la títì, wàá fa omi, wàá fa iná, wàá sọ ibi tí ilé máa wà àti ibi tí ọjà máa wà. Lẹ́yìn náà ni àwọn ènìyàn á bẹ̀rẹ̀ sí í kó wọlé. Tí títì rẹ kò bá dára, wọ́n á tún ẹrù wọn dì, wọ́n á kó jáde. Bàbá tó ti fi gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ ya títì tí àwọn ọ̀gá ń tì mọ́ inú dúróòà, ó wá di ẹni tó ń la títì láìtọrọ àyè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Nígbà tí kọ̀ǹpútà bi í pé kí ni orúkọ ìlú náà, ìka kan ló fi tẹ “Ibidun”, lẹ́tà kan lẹ́yìn èkejì. Orúkọ yẹn kò kúrò lókè ojú kọ̀ǹpútà títí tó fi kú.

Inú ọ̀dẹ̀dẹ̀ tó wà láàrín pálọ̀ àti yàrá rẹ̀ ni wọ́n gbé kọ̀ǹpútà sí, torí ibẹ̀ nìkan ni sọ́kẹ́ẹ̀tì tó ṣeé fọkàn tán wà. Ibẹ̀ ṣókùnkùn ní ọ̀sán gangan. Tó bá jẹun àárọ̀ tán, á nu ẹnu, á ní, “Mò ń lọ sí ìlú.” Àgbàlagbà kan láti ṣọ́ọ̀ṣì wá kí i nígbà kan. Mo ní Bàbá lọ sí ìlú, òun náà sì jókòó sí pálọ̀ ó ń dúró kó dé. Ó ti jókòó fún bíi wákàtí kan kó tó gbọ́ ohùn Bàbá lẹ́yìn ògiri: “Ẹ ti tún ń kó jáde? Omi tí mo fà fún yín ńkọ́?”

Ọ̀rọ̀ títì kò kúrò lẹ́nu rẹ̀ rí. A wọ mọ́tò lọ kí ará ṣọ́ọ̀ṣì kan ní Ikpoba Hill, bí a ṣe ń sọ̀kalẹ̀ gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ náà, ó ní kí dírẹ́bà dúró. Dírẹ́bà rò pé èébì ló ń gbé e. Bàbá sọ̀kalẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ mọ́ gọ́tà, ó ń wo inú rẹ̀ bí ẹni tó ń wá kọ́kọ́rọ́, àwọn mọ́tò sì ń fọn fèrè lẹ́yìn wa. “Papa, abeg, enter make we dey go,” ni dírẹ́bà ń bẹ̀ ẹ́. Bàbá wọlé, ó pa ilẹ̀kùn dé. Nígbà tí a dé ibi tí à ń lọ ni ó tó sọ fún mi pé, “Igun tí mo yà kọ́ nìyẹn. Wọ́n ti yí i.”

Bẹ́ẹ̀ náà ló ṣe lọ ra gààrí ní ọjà Oliha tó jẹ́ pé ọwọ́ òfìfo ló gbé dé. Ìyàwó rẹ̀, tí gbogbo wa ń pè ní Màmá, ti gbé omi sórí iná. Bàbá ní, “Mo gbàgbé gààrí, ṣùgbọ́n mo ti rí ohun tó ń ṣe gọ́tà wọn.”

Òfin kan ṣoṣo ló ní nínú ilé, orí mi ni òfin náà sì wà. Benin ni wọ́n bí mi sí, pijin la ń sọ nílé ìwé, mo ń gbọ́ Yorùbá yéké ṣùgbọ́n kì í jáde lẹ́nu mi. Tí mo bá sáré wọ ọ̀dẹ̀dẹ̀ pé, “Grandpa, dem don bring light,” Bàbá á máa wo ògiri bíi pé atẹ́gùn ló fẹ́ kọjá. Mo gbọ́dọ̀ padà sẹ́yìn, kí n tún wọlé, kí n kúnlẹ̀, kí n ní, “Bàbá, iná ti dé.” Nítorí náà, mo kọ́ bí wọ́n ṣe ń ro ọ̀rọ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì, kí n wá máa ṣí i nípò lọ́kọ̀ọ̀kan sí Yorùbá. Ní ọjọ́ Sunday kan ó bi mí bóyá mo ti ṣetán láti lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, mo ní, “Bẹ́ẹ̀ ni, Bàbá, mo ti mú ìwẹ̀ mi.” Ó wo ọwọ́ mi méjèèjì. Ó ní, “Níbo lo wá mú un lọ?” Màmá rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Bàbá kò rẹ́rìn-ín. “Ẹ fi í sílẹ̀,” ó ní. “Bó tilẹ̀ wọ́, kó ṣáà máa sọ ọ́.”

Mo fẹ́ dé orí ìjà Bàbá àti ìyá mi báyìí, kí n lè sinmi.

Ọmọ ọdún mẹ́wàá ni mí nígbà tí ìyá mi, tí mò ń pè ní Mọ́mì, lọ sí òkè òkun. Ó ní ọdún méjì ni òun máa lò. Kí ọdún méjì náà tó pé, Màmá ṣàìsàn, ó sì kú. Mọ́mì kò lè wá. Ìwé tí wọ́n fi ń gbé ìlú òyìnbó kò tíì tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́, tó bá jáde kúrò níbẹ̀, wọn kò ní jẹ́ kó padà wọlé mọ́. Ó pe Bàbá, ó ṣàlàyé, ó sunkún, ó tún ṣàlàyé. Bàbá gbọ́ ọ tán, ó ní, “Wọ́n fẹ́ sin ìyá tó bí ọ, ọ̀rọ̀ ìwé lò ń bá mi sọ.” Ó pa fóònù, kò sì bá ọmọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ mọ́ fún ọdún mẹ́fà.

Èmi ni mo wá di ẹni tó ń gbé ọ̀rọ̀ wọn kiri. Mọ́mì á pè mí, màá ṣí fóònù kí ohùn rẹ̀ jáde síta, Bàbá á jókòó síwájú mi, á máa gbọ́ gbogbo rẹ̀. Tí Mọ́mì bá bèèrè ara rẹ̀, Bàbá á ní, “Sọ fún ẹni tó wà lókè òkun pé ara mi le.” Mọ́mì náà á ní, “Tell him I heard.” Àwọn méjèèjì ń gbọ́ ohùn ara wọn ketekete, èmi wà láàrín mò ń tún ohun tí wọ́n ti gbọ́ sọ. Tí ìpè bá parí, màá gbé fóònù sínú àpò. Bàbá á dìde, á lọ sí ìlú. Orúkọ tí kò fẹ́ fi ẹnu pè, á jókòó síwájú rẹ̀ títí di ìrọ̀lẹ́. Mo bi í lẹ́ẹ̀kan pé ṣé kò lè yí orúkọ ìlú náà padà ni. “Wọn kì í dédé yí orúkọ ìlú,” ó ní. “Àwọn ènìyàn ń gbé inú rẹ̀.”

Kọ̀ǹpútà ńlá náà kú nígbà tí mo wà ní ọdún kejì ní yunifásítì. Ó rú èéfín díẹ̀, ó dákẹ́. Bàbá jókòó síwájú rẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta bí ẹni tí wọ́n lé kúrò nílé. Kò sí ẹni tó rán mi, mo pe Mọ́mì, mo sọ fún un. Kí oṣù tó parí, ó fi láptọ́ọ̀pù tuntun kan rán ẹnìkan tó ń bọ̀ wá sílé. Ó ní kí n bá òun bẹ Bàbá, pé láptọ́ọ̀pù náà ní kámẹ́rà, òun fẹ́ máa pè é lórí rẹ̀ ní ọjọọjọ́ Sunday ní aago mẹ́rin, kí òun lè máa rí i. Bàbá ń fi ọwọ́ pa ẹ̀yìn láptọ́ọ̀pù náà. “Ó lè máa sọ̀rọ̀,” ó ní. “Èmi á máa ṣiṣẹ́ mi lọ.”

Ọ̀gá Odion ló bá wa gbé ìlú náà láti inú kọ̀ǹpútà tó kú sínú èyí tó yè. Àgbàlagbà ọmọ Edo kan ni, ó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe ní Ugbowo, Bàbá sì fẹ́ràn rẹ̀ torí kò fi ọ̀rọ̀ ṣòfò. Ìlú náà ṣí, ṣùgbọ́n ayé ti yí. Géèmù àtijọ́ ni, tó bá ti ń ṣiṣẹ́, gbogbo ojú kọ̀ǹpútà ló ń gbà. Kò fi àyè sílẹ̀ fún nǹkan mìíràn. Ojú láptọ́ọ̀pù sì fẹ̀ ju ti àtijọ́ lọ. Gbogbo ilé tí Bàbá kọ́ sanra lójijì, odò di àwọ̀ osùn. Ọ̀gá Odion tẹ ibí tẹ ọ̀hún, omi padà di omi. Ó wá fa géèmù náà sísàlẹ̀ kó lè fi nǹkan mìíràn hàn wá. Nígbà tó fẹ́ dá a padà, òkùnkùn biribiri ló rí. Nígbà tó ti gbogbo rẹ̀ pa tó tún un ṣí, ìlú ṣì wà, ṣùgbọ́n gbogbo ohun tí Bàbá kọ́ láàárọ̀ ọjọ́ náà tí kò tíì tọ́jú pamọ́ ti lọ.

“Papa,” Ọ̀gá Odion ní, “this game don old. E no sabi this new Windows. Abeg, no minimize am o. If you minimize am, e fit no come back.”

Bàbá yíjú sí mi. “Kí ló wí?” Ó gbọ́ pijin ju èmi lọ, ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún tó ti wà ní Benin.

“Wọ́n ní kí ẹ má fà á sísàlẹ̀, Bàbá. Tí ẹ bá fà á sísàlẹ̀, ó lè má padà wá.”

“Ta ló fẹ́ fi ìlú sílẹ̀?” ni Bàbá wí.

Bí ìpè Sunday ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Màá ki módẹ́ẹ̀mù bọ̀ ọ́, Mọ́mì á pè, ojú rẹ̀ á ń yọ bọ̀, kó tó yọ tán Bàbá ti ṣí ìlú. Ilé àti títì á bo Mọ́mì mọ́lẹ̀ látòkè délẹ̀, ohùn rẹ̀ nìkan á máa jáde láàrín wọn. Òun náà kò fi bẹ́ẹ̀ rí Bàbá. Ó sọ fún mi pé iwájú orí tó ń dán àti gíláàsì méjì ni òun ń rí nínú òkùnkùn ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ní oṣù àkọ́kọ́, “ẹn” àti “ó dáa” ni gbogbo ọ̀rọ̀ Bàbá. Ọjọ́ kan ni Mọ́mì ní, “Bàbá, kí lẹ ń kọ́ lónìí?” Ìyá mi kò gbọ́n tó bẹ́ẹ̀ rí láyé rẹ̀. Bàbá sọ̀rọ̀ fún ogójì ìṣẹ́jú lórí ibi tí omi yóò gbà jáde lẹ́yìn ọjà. Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ń sọ̀rọ̀, tí kì í ṣe nípasẹ̀ mi. Ọ̀rọ̀ títì ni, ọ̀rọ̀ afárá ni. Mo máa ń jókòó sí ẹnu ọ̀nà yàrá, mò ń retí kí ọ̀rọ̀ kan Màmá. Kò kàn án rí. Bàbá kò sì pe Mọ́mì ní orúkọ.

Bí ọdún kan ti kọjá lórí èyí, Bàbá pe mí lẹ́yìn tí ìpè parí. Ó ní, “Ohùn rẹ̀ ti yàtọ̀. Ṣé ojú rẹ̀ náà ti yàtọ̀?”

“Bàbá, ẹ ò ṣe wò ó?”

“Ìlú ló bò ó.”

Mo mọ ohun tó ń sọ. Ojú kọ̀ǹpútà kò tó èèyàn méjì. Tó bá fẹ́ rí ọmọ rẹ̀, àfi kó fa ìlú sísàlẹ̀. Tó bá sì fà á sísàlẹ̀, kò ní nǹkan tó máa fi ọwọ́ rẹ̀ ṣe, àfi kó jókòó síwájú Ìbídùn, kí ó dákẹ́, kí wọ́n sì dé orí ọ̀rọ̀ ìsìnkú Màmá. Ó ń bẹ̀rù rẹ̀. Ó sì ti lé ní ọdún méjìdínlọ́gọ́rin, kì í ṣe pé ó ní àyè púpọ̀ láti fi bẹ̀rù. Ó ní kí n bá òun wá ọ̀nà tí méjèèjì á fi wà lójú kan náà. Mo ní màá wá a. Kí n tó rí i, wọ́n gbé mi lọ sí Ìbàdàn fún ìsìnrú ìlú.

Ìbàdàn ni mo ti rí i kà. Ó rọrùn tó bẹ́ẹ̀ tí inú fi bí mi: lẹ́tà kan ṣoṣo ni wọ́n ń fi kún ẹ̀yìn orúkọ géèmù náà kí wọ́n tó ṣí i, á sì jókòó sínú àpótí kékeré kan lójú kọ̀ǹpútà, àyè á ṣẹ́kù lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Bàbá pè mí ní ọjọ́ Thursday kan, ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀, mi ò fiyè sí i. Tó bá jẹ́ pé pijin ni mo fi sọ ọ́ ni, ọ̀rọ̀ náà kò ní gbà ju ìlà kan lọ. Ṣùgbọ́n òfin Bàbá kò mọ ibi tí Benin parí sí. Mo rò ó lédè Gẹ̀ẹ́sì, mo ṣí i nípò.

“Bàbá, ẹ máa fi ìlú yẹn sínú fèrèsé ni. Kò ní bo Mọ́mì mọ́. Ẹ máa rí wọn.”

“Nínú fèrèsé?”

“Bẹ́ẹ̀ ni, Bàbá, fèrèsé. Màá ṣàlàyé rẹ̀ fún Ọ̀gá Odion, wọ́n á wá bá yín ṣe é.”

“Má yọ Odion lẹ́nu,” Bàbá wí. “Mo mọ ibi tí fèrèsé wà.”

Mo rò pé orí kọ̀ǹpútà ló ti mọ̀ ọ́n. Inú mi tilẹ̀ dùn sí i.

Òun nìkan ló fa tábìlì jáde kúrò nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ó fà á kọjá àga pálọ̀, ó dá dúró bóyá ìgbà mẹ́wàá kó tó gbé e dé ibi fèrèsé tó kọjú sí títì, ó fi wáyà gígùn fa iná dé ibẹ̀. Ní aago mẹ́rin ọjọ́ Sunday, ó jókòó sí ojú fèrèsé, oòrùn ìrọ̀lẹ́ ń wọlé wá bá a. Mọ́mì pè, Bàbá gbà á, ó sì ṣí ìlú. Ìlú bo ojú Mọ́mì bó ṣe ń bò ó tẹ́lẹ̀.

Ṣùgbọ́n Mọ́mì rí Bàbá. Fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ọdún mẹ́wàá, ó rí i nínú ìmọ́lẹ̀: ọrùn rẹ̀ tó ti tín-ín-rín nínú kọ́là ṣẹ́ẹ̀tì, ẹyin ojú rẹ̀ tó ti pọ́n ràkọ̀ràkọ̀, egungun èjìká tó yọ. Èmi tí mo fi í sílẹ̀ ní oṣù mẹ́rin ṣáájú kò mọ̀. Mọ́mì ní òun kò lè sọ̀rọ̀. Bàbá tẹ afárá ńlá kan sórí odò, ó dúró dè é kó bèèrè pé kí ni òun ń kọ́, kò gbọ́ nǹkan kan.

“Ìbídùn,” ó ní. “Ṣé o wà níbẹ̀?”

Orúkọ náà ni Mọ́mì gbọ́ tó fi bú sẹ́kún.

“Kí ló ń pa ọ́ lẹ́kún?”

“Bàbá, ẹ ti gbẹ. Ẹ ti gbẹ tán.”

Bàbá tẹ bọ́tìnnì méjì tó ń fa ìlú sísàlẹ̀, tí Ọ̀gá Odion ní kó má tẹ̀. Ìlú lọ sísàlẹ̀. Mọ́mì ní ó wo òun pẹ́, ó bọ́ gíláàsì, ó nù ún, ó tún fi sójú. Ohun àkọ́kọ́ tó sọ ni pé, “O ti hu ewú.” Lẹ́yìn náà ó ní, “Ìbídùn, mo bínú jù. Èmi nìkan ló wà nídìí sàréè ìyá rẹ, mi ò rí ẹni dì mú.” Mọ́mì ní òun bẹ Bàbá, Bàbá náà bẹ òun. Ó ní Bàbá sunkún. Nígbà tí mo bi Bàbá léèrè, ó ní oòrùn ló ń wọ òun lójú, ẹni tó bá jókòó sójú fèrèsé ní aago mẹ́rin yóò mọ̀.

Mọ́mì ló ní kí n tètè lọ sílé. Mo tọrọ àyè, mo wọlé bá tábìlì lẹ́bàá fèrèsé, mo bèèrè pé kí ló gbé e débẹ̀. Bàbá ní, “Ìwọ lo ní kí n gbé e síbẹ̀.” Ó pẹ́ kó tó yé mi. Mo rẹ́rìn-ín títí mo fi jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, nígbà tí mo gbé ojú sókè tí mo rí ọrùn rẹ̀, ẹ̀rín náà kú mọ́ mi lẹ́nu. Mo ṣàlàyé fún un pé fèrèsé tí mò ń sọ, inú kọ̀ǹpútà ló wà. Ó ro ọ̀rọ̀ náà dáadáa. “Kí làwọn òyìnbó wá ń pe fèrèsé gangan?” ó bi mí.

Mo fi lẹ́tà náà kún un. Kò gbà ju ìṣẹ́jú kan lọ. Ìlú wọ inú àpótí kékeré, àyè ṣẹ́kù fún Mọ́mì lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ìgbà náà ni mo ṣàkíyèsí pé afárá ńlá tí Bàbá ti ń fọ́nnu lórí fóònù fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan pé òun máa kọ́ kò sí lórí odò. Ọjọ́ Sunday yẹn ló kọ́ ọ, kò tíì tọ́jú rẹ̀ pamọ́ nígbà tó tẹ bọ́tìnnì méjì yẹn. Mo bi í pé ṣé kò ní tún un kọ́ ni.

“Mo ti mọ̀ pé kò níí padà wá kí n tó tẹ̀ ẹ́,” ó ní. “Jẹ́ kó lọ.”

Bàbá lo ọ̀sẹ̀ márùn-ún sí i láyé. Dókítà ní ẹ̀dọ̀ ni, ó sì ti pẹ́. Sunday márààrún ni Mọ́mì pè; ìlú wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, kò fọwọ́ kàn án. Mo fọ aṣọ, mo dúró lórí ìlà ní ọsibítù, mo gbé e dìde, mo gbé e jókòó. Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bó ṣe rí: ó rẹ̀ mí débi pé nígbà tó kú, oorun ni mo kọ́kọ́ sùn.

Ìwé Mọ́mì ṣì wà lọ́wọ́ ìjọba òyìnbó. Kò lè wá sin Bàbá bí kò ṣe lè wá sin Màmá. A ti ti ibi sàréè dé, wọ́n ti to àga sínú ọgbà, mo gbé fóònù dání kí Mọ́mì lè máa gbọ́ ohun tó ń lọ. Àbúrò Bàbá tó wá láti ìlú wa dìde láàrín àwọn àgbà. Kò pariwo. Ó ní, “Ọmọ kan ṣoṣo ni ẹ̀gbọ́n mi bí. Ìyá rẹ̀ kú, kò wá. Bàbá rẹ̀ kú, kò wá. Kí la fẹ́ sọ fún àwọn ènìyàn?”

Gbogbo ojú yí sí mi. Mo ti wà lórí ìdúró láti ìdájí.

“Bàbá ló ní kí Mọ́mì má wá, sà.”

“Ìgbà wo?”

“Ọ̀sẹ̀ méjì kí wọ́n tó lọ. Wọ́n pè mí sídìí tábìlì. Wọ́n ní àwọn mọ̀ pé ẹ máa bèèrè. Wọ́n ní kí n sọ fún yín pé, ‘Mo ti rí ojú rẹ̀ lójú ayé mi. Kí ló tún fẹ́ wá wò nínú pósí?’”

Mo gbọ́ ẹkún Mọ́mì nínú fóònù, kò mọ̀ nípa rẹ̀ tẹ́lẹ̀, mi ò sọ fún un. Àbúrò Bàbá bọ́ fìlà rẹ̀.

“Ta ló wà lórí fóònù yẹn?”

“Mọ́mì ni, sà.”

Ó na ọwọ́, ó gbà á. Kò mọ bí wọ́n ṣe ń gbé e mọ́ etí dáadáa, ó gbé e síwájú ẹnu bíi pé ó fẹ́ mu omi.

“Ìbídùn, ọmọ mi,” ó ní. “A ti sin bàbá rẹ, ó wọlẹ̀ dáadáa. Ó ti sọ̀rọ̀, a sì ti gbọ́. Jókòó síbi tó o wà.”

Mo wá àga kan, èmi náà jókòó.